Ògiri Tó Mọ Iye Owó Aránṣọ

Ẹjọ́ kan dé ààfin lánàá níṣojú mi, títí di ìsinsìnyí ni ẹ̀rín àti ìbínú ń bá ara wọn jà nínú mi. Aránṣọ kan ló pe ọkọ rẹ̀, ayàwòrán, lẹ́jọ́.

"Kábíyèsí, owó tí mo fi pamọ́ sínú àpótí máṣíìnì mi láti fi gba ṣọ́ọ̀bù, ọkọ mi kà á. Ó fi ọ̀dà pupa kọ iye rẹ̀ gàdàgbà sára ògiri tó kọjú sí títì. Ó wá yọ àpò ṣòkòtò rẹ̀ síta, ó jókòó síwájú ògiri láti àárọ̀ dalẹ́, kò bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀."

Ọba yíjú sí ọkọ. "Ṣé orí rẹ pé?"

"Ó pé, Kábíyèsí. Iṣẹ́ ọnà ni. Mo fẹ́ káráyé rí i pé ilé wa ò ní àṣírí."

"Owó tìrẹ ńkọ́?"

"Èmi ò ní, Kábíyèsí. Mo kọ òdo sẹ́gbẹ̀ẹ́ tiẹ̀, kó má bàa dà bíi pé mo rẹ́ ẹ jẹ."

Ìyàwó ní, "Láti ìgbà náà, àwọn ará ilé rẹ̀ tó ń wá yáwó ò jẹ́ kí n ráyè ránṣọ. Ẹni tí ò kí mi rí ń pè mí ní ìyàwó wa àtàtà. Onílé ti fowó kún owó ilé. Ṣọ́ọ̀bù yẹn ti fẹ́ bọ́ mọ́ mi lọ́wọ́."

Wọ́n pe onílé.

"Èmi ò mọ nǹkan kan nípa ògiri. Ojú ń dùn mí, mi ò lè kàwé."

"Kí ló dé tó o fi fowó kún owó ilé?"

"Iye yẹn ti pọ̀ jù fún aránṣọ, Kábíyèsí."

Àbúrò ọkọ dìde. "Èmi ò gba àdúgbò yẹn kọjá rí. Àmọ́ ọ̀dà yẹn ò dáa, òdo tó gbẹ̀yìn ti ń bó."

Ìjòyè kan ní kí ìyàwó ṣe sùúrù, pé ẹni tí ò jalè, kí ló ń fowó pamọ́ fún? Inú bí mi.

Ọba fọwọ́ lẹ́rán. "Iṣẹ́ náà dáa, kò tíì parí ni. Gbogbo ẹni tó bá ti ka ògiri yẹn, kó lọ kọ iye owó tirẹ̀ sábẹ́ rẹ̀. Ẹni tí ò bá kọ ọ́ ò gbọdọ̀ yáwó lọ́wọ́ aránṣọ, kò sì gbọdọ̀ fowó kún owó ilé rẹ̀. Ìwọ ayàwòrán, o ò ní kúrò níwájú ògiri títí wọ́n á fi kọ ọ́ tán."

Kí n tó ṣẹ́jú, onílé ti ń wá bàtà. Àbúrò ọkọ ti dé ẹnu ọ̀nà. Ìjòyè onísùúrù rántí pé òun gbé omi kaná.

Aránṣọ kúnlẹ̀. "Mo dúpẹ́, Kábíyèsí. Àmọ́ lọ́jọ́ Sátidé, mọ́tò yín dúró níwájú ògiri náà, ẹ sì yọjú kà á."

Ọba wúkọ́.

"Ẹ lọ fi ọ̀dà funfun kùn ún," ó ní. "Kíá. Èmi ni mo máa ra ọ̀dà."