Bí Ọlágúnjú Ṣe Ṣẹ́gun Áńtẹ́nà

Ní ọjọ́ kẹrìnlá oṣù Kẹwàá, ọdún 1989, ní agogo márùn-ún ìrọ̀lẹ́, àwòrán pòórá lójú tẹlifíṣọ̀n agboolé Ajíbólá ní Ìkìrun, ọkùnrin kan ṣoṣo ló sì dìde.

Ọlágúnjú ni, Àkànó ọmọ a-gun-òrùlé-bí-ẹni-gun-ẹṣin, ọmọ àwọn tó fi koríko bẹẹrẹ bo ilé ọba mẹ́ta tí ẹ̀kán òjò kan kò wọlé, akọni tó ti jábọ́ lórí òrùlé ní ọdún 1974 àti ní 1981, tó sì rántí òkúta tó bọ́ lé lẹ́ẹ̀mejèèjì.

Ọ̀ràn náà kì í ṣe kékeré. Ọ̀sẹ̀ márùn-ún rèé tí ìyàwó inú eré kan ti ń pe ọkọ rẹ̀ ní Kúnlé gbàǹgbà, tí kò pè é ní bàbá ọmọ kankan, àwọn obìnrin agboolé sì ti ń tọ́ ọ̀rọ̀ náà wò lẹ́nu bí ọbẹ̀ tí iyọ̀ rẹ̀ kò tíì dá wọn lójú. Ọlágúnjú ti búra pé ọkọ náà yóò lé e jáde lónìí.

"Bó bá dá a lóhùn," ló ti wí fún Mojírọ́lá aya rẹ̀, "kí ìwọ náà máa pè mí ní Ọlágúnjú."

"Bàbá Tẹ́jú, ẹ̀yin lẹ sọ ọ́ o."

Ló bá gòkè. Àkàbà gbọ̀n, òun kò gbọ̀n. Páànù gbóná bí iná alágbẹ̀dẹ, ó tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀. Alángbá méjì yà fún un bí ìjòyè ṣe ń yà fún ọba. Ó di ọ̀pá áńtẹ́nà mú bí ọ̀kọ̀ ogun, ó kọjú rẹ̀ sí Ìbàdàn, ó kọjú rẹ̀ sí Ìlọrin.

"Ṣé ó ti hàn?" ló ké sí àwọn tó wà nísàlẹ̀.

"Kò tíì hàn! Ẹ dá a padà díẹ̀! Ó hàn! Yéè, ó ti lọ! Ó hàn, ó hàn! Ẹ má mira o, Bàbá Tẹ́jú, ẹ má mí rárá!"

Kò mí. Bó pẹ́ bó yá, akólòlò á pe baba: áńtẹ́nà ti gbà.

Ó gbọ́ ohùn obìnrin inú eré nísàlẹ̀: "Kúnlé!" Ọkọ náà dáhùn pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ pé, "Mò ń bọ̀, olólùfẹ́ mi." Ariwo àwọn obìnrin fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣí òrùlé kúrò lábẹ́ ẹsẹ̀ akọni.

Mojírọ́lá jáde sí àgbàlá, ó kúnlẹ̀, ó gbójú sókè.

"Ọlágúnjú! Ẹ sọ̀ kalẹ̀ wá jẹun."

Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì. "Hẹ̀n-ẹ́n?" ló dáhùn kó tó mọ̀.

Kí onílé gbọ́, kó sọ fún àlejò: ẹ̀fúùfù kò bì í ṣubú, páànù kò jó o sọ̀ kalẹ̀, Ọlágúnjú já àwòrán gbà lọ́wọ́ sánmà, ó sì mọ́ rekete títí eré fi parí!

Orúkọ tó ti ń jẹ́ fún ọdún mẹ́tàdínlógún, Bàbá Tẹ́jú, sọnù ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà.