Ọjọ́ Tí Mo Fi Pákó Wọn Oòrùn ní Ìkòsì

Ọjọ́ kan wà tí kò ní kúrò lọ́kàn mi títí n ó fi wọ ilẹ̀: ọjọ́ tí mo mú odidi mọ́sálásí ṣínu nígbà tí oòrùn ṣì wà lókè.

Tíṣà kékeré ni mí ní Ìkòsì nígbà náà, kò tíì pẹ́ tí a bẹ̀rẹ̀ sí í ná náírà dípò pọ́n-ùn. Mo kà nínú ìwé kan pé kí aago tó dáyé, idẹ róbótó kan wà tí wọ́n ń pè ní asitirolébù. Àwọn Lárúbáwá fi ń mọ àsìkò ìrun, àwọn atukọ̀ òkun fi ń wo gíga oòrùn àti ìràwọ̀ kí wọ́n má baà sọnù. Oríṣi kan tó rọrùn jù ú lọ dà bí ìdá kan nínú mẹ́rin búrẹ́dì róbótó, tí okùn àti òjé máa ń fi gíga oòrùn hàn lórí ìlà. Mo gé pákó pẹlẹbẹ, mo fa ìlà sí i, mo so òjé ìpẹja mọ́ òwú. Ó ṣiṣẹ́. Ohun tó bà mí jẹ́ nìyẹn.

Bàbá Ládàánì ló ń pe ìrun ládùúgbò wa. Wọn kì í pariwo àfi tí wọ́n bá ń pe ìrun. Wọ́n ní aago ọwọ́ kan tí wọ́n máa ń gbé sétí kí wọ́n tó gbà á gbọ́. Mo máa ń bá wọn ṣàwàdà: “Bàbá, aago ń purọ́ o. Oòrùn kì í purọ́.”

Wọn á ní, “Tíṣà, ìwọ lo kàwé.”

Òjò pọ̀ nínú ààwẹ̀ ọdún yẹn. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, ojú ọ̀run ṣú, kò sẹ́ni tó rí oòrùn. Ẹ̀kọ gbígbóná ti wà nílẹ̀ níwájú mọ́sálásí, ebi ń pa gbogbo wa. Mo ní kí wọ́n fi ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀ fún mi. Mo gbé pákó mi jáde, mo gbójú sókè, mò ń fẹ̀yìn rìn, n ò rántí àwọn búútà àlùwàlá tí wọ́n tò sẹ́yìn mi. Gbì! Omi dà, èmi àti pákó wọnú ẹrẹ̀. Ẹni tó gbọ́n ì bá gbalé lọ. Èmi dìde, mo nu ẹrẹ̀, mo rí ibì kan tí ìkùukùu ti funfun díẹ̀, mo dojú pákó kọ ọ́. Òwú dúró sórí ìlà ìsàlẹ̀ pátápátá.

“Oòrùn ti wọ̀!”

N ò tiẹ̀ bi ara mi léèrè ìdí tí mo fi ń na ọrùn sókè wo oòrùn tó ti wọ̀.

Bàbá gbé aago sétí. “Tíṣà, tèmi ò tíì tó. Ó ku bí ìdajì wákàtí.”

“Ìwé àti aago, Bàbá, èwo lẹ gbà gbọ́?” Mo sọ ọ́ sókè kí gbogbo èèyàn lè gbọ́. Àwọn kan rẹ́rìn-ín. Bàbá wolẹ̀ díẹ̀, wọ́n fọwọ́ di etí, wọ́n pe ìrun.

Dàbínù ṣì wà lẹ́nu mi nígbà tí ìkùukùu pínyà. Oòrùn yọ lókè igi àgbọn, ó ń wo ohun tí à ń jẹ. Ìyá Sìkírá, aláta, gbé ife sílẹ̀: “Tíṣà, kí wá nìyẹn?” Mo wo pákó mi. Òwú tó tutù ti lẹ̀ mọ́ ọn típẹ́típẹ́. Mo gbọ̀n ọ́n, kò mì.

Kí n tó lanu, Bàbá ti dìde. “Èmi ni mo pe ìrun. Ọrùn mi ló wà.”

Gbogbo wa la san ààwẹ̀ ọjọ́ náà padà. Bàbá ò sì pe ìrun mọ́ láéláé. Nígbà tí mo lọ bẹ̀ wọ́n nílé, wọ́n ní, “N ò bínú sí ọ. Mo mọ̀ pé kò tíì tó. Ojú ló tì mí láti takú níwájú ẹni tó kàwé.” Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mí ju èébú lọ.

Ìgbà ọyẹ́ ni Bàbá kú. Mo ti wá mọ̀ pé irin-iṣẹ́ àwọn ará àtijọ́ kò lẹ́bi. Ẹni tó bá gbé e dání tí kò gbọ́ràn sẹ́nì kankan lẹ́nu ni ewu. Níbi fídáù ọjọ́ kẹjọ wọn, mo gbọ́ tí ọkùnrin kan ń sọ fún àlejò pé, “Tíṣà Ṣínu nìyẹn.” Ẹ̀rín bọ́ lẹ́nu mi, ẹ̀rín burúkú tí n ò rí gbé mì. Ìyá Sìkírá náà rẹ́rìn-ín, ó sì fi ìborùn nu ojú.