Merle Nínú Búùtù

Ní ìlú Harlan Fork, ní Ohio, bí ẹ bá béèrè ẹni tó ni sinimá, Merle Hostetler á ti dá yín lóhùn: "Èmi gan-an ni sinimá." Ọba pápá, a-tú-búùtù-wò-bí-aṣọ́bodè, a-rí-gúgúrú-onígúgúrú-bínú! Ọdún kejìdínlọ́gbọ̀n rèé tí ọkọ̀ ti ń wọ pápá rẹ̀, tí tọmọ-tìyá ń jókòó sínú ọkọ̀ wọn wo àwòrán lára ògiri funfun gàgàrà.

Dọ́là méjì ni orí èèyàn kan. Àwọn ọ̀dọ́ sì máa ń fi ọ̀rẹ́ pamọ́ sí búùtù ọkọ̀ kí wọ́n má baà san tiwọn. Àwọn onísinimá yòókù a ṣe bí ẹni tí kò rí wọn, wọ́n á ta gúgúrú fún wọn. Merle kọ̀ jálẹ̀. Ó tú búùtù ìyá arúgbó, ó tú ti pásítọ̀. Ẹni tí ó bá bá níbẹ̀ á san ìlọ́po méjì. Wọ́n ní ẹni tó lé eku méjì á pòfo. Merle dáná sun àká nítorí eku kan ṣoṣo.

"Ọ̀gá, ẹ̀ ń lé oníbàárà o," ni Verna Pickett, tó ń gba owó lẹ́nu ọ̀nà, sọ. Merle lé òun náà.

Nígbà tó fi máa di ọdún 1983, ọkọ̀ mọ́kànlá ló ń wá síbi tó gba irínwó. Merle dìde nínú ìpàdé ìlú, ó ní àwọn olè inú búùtù ló fẹ́ pa òun, pé bí ìlú kò bá dáwó tún ògiri òun ṣe, òun á ti pápá pa. Àánú ṣe wọ́n. Wọ́n fọwọ́ sí ìwé ìdáwó.

Ó ku ọjọ́ kan kí wọ́n san án, ara Merle kò gbà á. Ó fẹ́ fojú rí ohun tí wọ́n ń ṣe ní pápá sinimá Colby, abánidíje rẹ̀, tí èrò ń wọ́ lọ. Dwayne, àbúrò ìyàwó rẹ̀, ló wakọ̀.

"Ẹ̀gbọ́n, dọ́là méjì péré ni o."

"Kí n fowó mi bọ́ ọ̀tá? Ṣí búùtù, jàre."

Ìdí ọkọ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ kanlẹ̀. Ta ló wà lẹ́nu ọ̀nà Colby? Verna ni. Ó wo ìdí ọkọ̀, ó rẹ́rìn-ín.

"Máa wọlé, Dwayne. Ọ̀gá tèmi kì í tú búùtù. Ẹni yòówù tó bá wà níbẹ̀, ebi gúgúrú á ṣáà pa á."

Ohùn kan bú jáde láti inú búùtù: "Kí ló dé tí o ò tú u? Ṣé bí wọ́n ṣe ń ṣòwò nìyẹn? Ọ̀dẹ̀!"

Verna mọ ohùn yẹn. Ó ṣí i. Merle rèé, ó ká jọ bí ìgbín, ó fi táyà ṣe ìrọ̀rí.

Ogójì ọkọ̀ ló tò sẹ́yìn, ìdajì wọn jẹ́ ará Harlan Fork. Gbogbo wọn tanná sí i lójú. Fèrè ọkọ̀ ń han gooro, bí ìgbà tí àwòrán bá já lágbedeméjì tí inú ń bí èrò.

"Ẹ yọ orúkọ mi nínú ìwé yẹn!" ni pásítọ̀ kígbe láti ojú fèrèsé ọkọ̀ rẹ̀. "Ẹ yọ ti ìyàwó mi mọ́ ọn!"

Verna tẹ́ ọwọ́. "Dọ́là mẹ́rin, ọ̀gá. Òfin yín ni."

Ó san án.

Lọ́dún tó tẹ̀lé e, àgbàdo ló hù ní pápá Merle, irú èyí tí wọ́n fi ń yan gúgúrú. Colby ló ń rà á.