Ẹranko Ọ̀gá Tókíyò Tí Kò Níwèé

Ẹ bá mi kí Felix Adéìfẹ́, Ọ̀gá Tókíyò, Baba Adárà, Awólùú-láìlo-katakata! Nígbà tí ìjọba alágbádá ṣẹ̀ṣẹ̀ padà dé, kò sẹ́ni tó ń ya fíìmù láti Agége dé Ìkẹjà tó ń fọ́nnu tó o. Ó ní ọdún méje lòun fi darí fíìmù abàmì ní Japan, pé òun lòun kọ́ wọn bí ẹranko ṣe ń tẹ ilé mọ́lẹ̀. Irọ́ gbáà! Mọ́tò àlòkù ló ń fọ̀ lọ́hùn-ún. Àwa ará Agége mọ̀, a kàn ń wò ó níran ni.

Fíìmù rẹ̀ tuntun nílò ẹranko ńlá kan tí èèyàn lè kó sínú rẹ̀. Sùlíyá, tó ń rán aṣọ àga l'Ágége, ló fi fóòmù àti awọ rán an. Oṣù mẹ́ta gbáko! Ohun tó ń fẹ́ ò ju kí orúkọ òun jáde nínú fíìmù náà.

"Orúkọ ta ni?" Felix yínmú. "Sùlíyá lẹ́gbẹ̀ẹ́ Tókíyò? Àbùkù ńlá!"

Ọjọ́ àfihàn pé ní gbọ̀ngàn kan n'Íkẹjà. Wọ́n gbé ẹranko náà sórí pèpéle, Felix gba máìkì.

"Láti Japan ló ti wọlé tààrà! Ọwọ́ ọmọ Nàìjíríà kankan ò kàn án!"

Àwọn èèyàn pàtẹ́wọ́. Sùlíyá, tó jókòó lẹ́yìn, ń wo ìka rẹ̀ tí abẹ́rẹ́ ti gún títí. Ó dùn ún dọ́kàn.

Wọ́n ní irọ́ a máa rìn fún ogún ọdún kí òtítọ́ tó bá a. Ti Felix ò tiẹ̀ rìn dé ẹnu ọ̀nà. Ọ̀gá kọ́sítọ́ọ̀mù kan, Dàwódù, wà níjókòó. Ó dìde.

"Ọ̀gá Tókíyò, ẹ kú iṣẹ́ o. Ìwé tí ẹ fi kó o wọlé ńkọ́?"

"Ìwé... ìwé bíi ti báwo, sà?"

"Bí kò bá síwèé, fàyàwọ́ nìyẹn. A ó gbé e, a ó sì gbé ẹ̀yin náà."

Òógùn bo Felix. "Sà, ẹ jọ̀ọ́! Agége ni wọ́n ti rán an! Àǹtí tó wà lẹ́yìn yẹn ni!"

"Ṣé òótọ́ ni, màdáàmù?"

Sùlíyá ò kánjú. "Kó sọ ọ́ sí máìkì, sà, kó dárúkọ. Bóyá màá rántí."

Ọ̀gá Tókíyò dọ̀bálẹ̀ gbalaja, máìkì lẹ́nu: "Àǹtí Sùlíyá ló rán an! Mọ́tò ni mo fọ̀ ní Japan!"

Ta ló bi í ní ti mọ́tò? Ẹ̀rín fẹ́ẹ̀ wó gbọ̀ngàn. Sùlíyá lọ síwájú, ó ṣí síìpù ẹranko náà. Àpò ìyẹ̀fun ilé búrẹ́dì Agége ló fi tẹ́ inú rẹ̀. Dàwódù ka ohun tí wọ́n kọ sára àpò náà, ó rẹ́rìn-ín, ó padà lọ jókòó.

Ni gbogbo èèyàn bá ń pariwo pé kí Sùlíyá gba máìkì. Felix ṣì wà nílẹ̀. Kò sẹ́ni tó rántí sọ fún un pé kó dìde.