Barnabas, Olùdáǹdè Bàrà

Ẹ bá mi kí Barnabas, baba ìmọ́lẹ̀, a-bikùn-bí-àgbá, olùdáǹdè bàrà olómi! Nínú ìjọ wa bíńtín ní Jẹ́dà, ní ilẹ̀ Sáúdí tí òfin kò ti gba ṣọ́ọ̀ṣì, níbi tí a ti ń fi kọ́tìnì tó nípọn bo fèrèsé ká tó kọrin wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́, kò sẹ́ni tó gbé ara rẹ̀ gẹ̀gẹ̀ tó o. Ó ní bí òun bá kọjá lábẹ́ gílóòbù, ojú a máa ti gílóòbù.

Ẹ̀kọ́ Mánì, ará Páṣíà ayé àtijọ́, ló kà lórí fóònù tó fi di wàhálà sí wa lọ́rùn. Ó ní ọba méjì ló ń jà láyé, Ìmọ́lẹ̀ àti Òkùnkùn. Ti Òkùnkùn ni ẹran. Ìmọ́lẹ̀ há sínú èso, àfi kí ẹni mímọ́ jẹ ẹ́ kó tó ráyè jáde.

Ta ni ẹni mímọ́? Ẹ má bi mí. Gbogbo hábíhábì, bí ará Jẹ́dà ṣe ń pe bàrà olómi, ikùn Barnabas ló ń gbà lọ sọ́run. Àwọn ọmọ wa á máa wò ó, wọn á máa gbé itọ́ mì. Inú ń bí mi gan-an.

Ní Jímọ̀ tí a fẹ́ fi í jẹ alàgbà, Oyíndà, ọ̀kan nínú àwọn obìnrin ìjọ wa, se kábúsà, ìrẹsì pẹ̀lú adìẹ sísun. Barnabas fa hábíhábì tó wà lórí tábìlì sọ́dọ̀ ara rẹ̀, ó yínmú sí adìẹ.

"Ẹran! Ẹ gbé e jìnnà sí mi. Bí mo bá tilẹ̀ ṣẹ̀, kì í ṣe èmi, Òkùnkùn inú mi ni."

Màmá Adébùnmí, nọ́ọ̀sì tó dàgbà jù nínú wa, dìde.

"Barnabas ọmọ mi, àwọn bàbá ìjọ ìgbàanì ti dáhùn èyí. Ibi kì í ṣe ọba kankan. Àìsí rere lásán ni, bí ihò lára aṣọ. Wò ó."

Ó pa iná. Pẹ̀lú kọ́tìnì wa, ọ̀sán di òru.

"Ilẹ̀kùn wo ni Òkùnkùn gbà wọlé? Iná la pa, kò sẹ́ni tó wọlé."

À ń rò ó lọ́wọ́. Àgbà ní bí iṣu ẹni bá ta, à á fọwọ́ bò ó jẹ. Nínú òkùnkùn yẹn la ti gbọ́ ìró eegun: kàù!

Màmá tan iná. Itan adìẹ wà lẹ́nu ẹni tí a fẹ́ fi jẹ alàgbà, ìrẹsì sì kún irùngbọ̀n rẹ̀.

"Kì í ṣe èmi o! Òkùnkùn ni!"

"Òkùnkùn ti lọ," Màmá ní, "ẹnu rẹ ṣì ń jẹ."

Ẹ̀rín pa wá. A ò sì gbọdọ̀ pariwo kí aládùúgbò má baà gbọ́, la bá ń ki gèlè àti fìlà bọ ẹnu, omijé ń dà. Oyíndà gbé hábíhábì kúrò níwájú Barnabas, ó gé e fún àwọn ọmọ.

"Ó tó, kálàs! Àwọn ọmọ ni yóò tú ìmọ́lẹ̀ eléyìí sílẹ̀. Bùrọ̀dá Barnabas, ẹ bá Òkùnkùn yín fọ ìkòkò tó jẹ."

Ó lọ fọ ọ́. Kò sẹ́ni tó dárúkọ oyè alàgbà mọ́.