Bí Alàgbà Ṣówándé Ṣe Pa Iná Tí Kò Jó ní Ìlú-Pákó

Ṣé ẹ mọ ìdí tí àwọn àgbà fi ń pa òwe pé àlejò lójú, ṣùgbọ́n kì í fi ríran? Ẹ̀yin tí ẹ ń mi orí yẹn, ẹ ò mọ̀ ọ́n. Ẹnì kan lè sọ pé òwe yìí ti wà kí wọ́n tó bí baba ẹni tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀. Kí onítọ̀hún fọwọ́ lẹ́rán ná. Ọ̀dọ̀ wa ní Ìlú-Pákó ni ọ̀rọ̀ náà ti ṣẹlẹ̀. Ojú mi ló ṣe, bẹ́ẹ̀dì mi kò sì tíì gbẹ dòní.

Etí ọ̀sà ni Ìlú-Pákó wà. Èérún pákó láti sọ́míìlì ni àwọn baba wa fi dí ẹrẹ̀, wọ́n wá fi pákó kọ́lé lé e lórí. Ilé wa fara ti ara wọn tó bẹ́ẹ̀ tó jẹ́ pé bí ẹnì kan bá sín ní yàrá rẹ̀, ilé mẹ́ta ni yóò kí i pẹ̀lẹ́. Bí tọkọtaya bá sì ń jà, aládùúgbò ni yóò rán wọn létí ibi tí ìjà náà dúró sí lánàá. Èrò pọ̀ níbẹ̀ bí eéṣú, ṣùgbọ́n ọ̀lẹ kò sí nínú wa: a ní àwọn tó ń kan ọkọ̀ ojú omi, àwọn tó ń hun àwọ̀n, àtàwọn tó ń yan ẹja.

Nígbà kan, àwọn èèyàn a kàn yọ sí wa láìkí ẹnikẹ́ni, wọn a ya fọ́tò ọmọ tó ń wẹ̀ lọ́wọ́, wọn a bá tiwọn lọ. Baálẹ̀ wa bínú, ó fòfin dè é. Fẹ̀hìntọ́lá ló lọ bẹ̀ ẹ́. Ọmọbìnrin tí wọ́n bí sí Ìlú-Pákó ni Fẹ̀hìntọ́lá, òun ló ń kọ́ àwọn ọmọ wa níwèé nínú ilé pákó kan tí òrùlé rẹ̀ ń jò. Ó ní òun yóò máa mú àlejò rìn fúnra òun, mẹ́rin mẹ́rin, pẹ̀lú ọ̀wọ̀, kí wọ́n wá rí iṣẹ́ ọwọ́ wa, kí ohun tí wọ́n bá fi sílẹ̀ sì di òrùlé ilé ìwé.

Baálẹ̀ gbà, ṣùgbọ́n ó fi ọ̀rọ̀ kan dè é. Ó ní, "Ọjọ́ tí àlejò kan bá dójú ti ará ìlú yìí, àní ẹyọ ẹnì kan péré, ọjọ́ náà ni ìrìn yẹn parí."

Oṣù mẹ́ta ni wọ́n fi rìn, gbogbo nǹkan ń lọ geere. Páànù ti bo ìdajì ilé ìwé. Bẹ́ẹ̀ ni Alàgbà Ṣówándé dé.

Ẹ má rò pé èèyàn burúkú ni o. Àánú ló pọ̀ nínú rẹ̀ jù. Ó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba, ilẹ̀ ló ń wọ̀n nígbà tó wà lẹ́nu iṣẹ́. Ó wọ bàtà òjò tó ga dé orúnkún, bẹ́ẹ̀ ẹ̀ẹ̀rùn ni a wà. Awò ojú rẹ̀ nípọn bí ìdí ìgò, búrẹ́dì sì kún inú báàgì rẹ̀ fún àwọn tí ebi bá ń pa.

Fẹ̀hìntọ́lá kó òun àti àwọn àlejò mẹ́ta yòókù jọ lẹ́nu ibodè. Ó ní, "Ẹ jọ̀wọ́, ẹ kí èèyàn kí ẹ tó bi í ní nǹkan kan. Ẹ má ya fọ́tò láìgbàṣẹ, ẹ má sì fọwọ́ dí imú. Ohun tí ẹ bá rí tí kò yé yín, ẹ bi mí."

Alàgbà Ṣówándé rẹ́rìn-ín. "Ọmọ mi, ọdún márùndínlógójì ni mo fi wọn ilẹ̀. Ojú yìí ni mo fi jẹun. Kí lo rò pé mo máa rí tí kò ní yé mi?"

Kò tíì rìn ju ogún ìṣísẹ̀ lọ tó fi rí bàbá arúgbó kan níwájú ilé, tó wọ síńgílẹ́ẹ̀tì tó ti gbó, tó gbé àwo lé itan, tó sorí kọ́. Omi lé ròrò sójú Alàgbà. Ó fa búrẹ́dì kan yọ, ó gbé e sínú àwo náà.

"Bàbá, ẹ fi èyí panu. Ọlọ́run kò ní gbàgbé yín."

Bàbá náà wo búrẹ́dì, ó wo bàtà òjò, ó tún wo búrẹ́dì. Ó ní, "Ẹ ṣeun o. Ẹ̀wà tí mò ń ṣa òkúta rẹ̀ yìí kò sì ní pẹ́ jinná. Ẹ dúró ká jọ fi jẹ ẹ́."

Fẹ̀hìntọ́lá rọra sọ sí Alàgbà létí pé, "Bàbá, Baálẹ̀ wa nìyẹn."

"Háà! Kábíyèsí!" Alàgbà dọ̀bálẹ̀ gbalaja. Bó ti ń dọ̀bálẹ̀, orí rẹ̀ kọ lu àwo. Ẹ̀wà tí Baálẹ̀ ti ń ṣa láti àárọ̀ fọ́n ká sínú èérún pákó, àtòkúta àtẹ̀wà.

Fẹ̀hìntọ́lá di ojú, ó ń retí ìdájọ́. Baálẹ̀ wo ilẹ̀ títí. Ó ní, "Ojú kò tì mí. Ebi ló máa pa mí. Ẹ máa lọ."

Wọ́n bá tiwọn lọ. Ọ̀nà kan wà lọ́dọ̀ wa tí òrùlé ilé ọ̀tún àti ti òsì pàdé lórí rẹ̀. Ẹni tí kò bá mọ̀ yóò rò pé inú ilé ni. Kápẹ́ńtà kan sì ti gbé àga tó ṣẹ̀ṣẹ̀ kàn síbẹ̀ kí fáníìṣì ara rẹ̀ gbẹ. Nígbà tí Fẹ̀hìntọ́lá ń fi bí wọ́n ṣe ń hun àwọ̀n han àwọn yòókù, Alàgbà Ṣówándé nìkan ló wọ ibẹ̀. Ó bọ́ bàtà, torí ọmọlúàbí ni. Ó ní, "Ẹ kú ilé o!" Ó jókòó, ó ń retí onílé.

Ọkùnrin kan gbé àjẹ̀ ọkọ̀ kọjá, ó kí i. Obìnrin méjì gbé apẹ̀rẹ̀ kọjá, wọ́n kí i. Ẹnì kan fa ewúrẹ́ kọjá. Nígbà tí Fẹ̀hìntọ́lá yóò fi wá a débẹ̀, inú ti ń bí Alàgbà díẹ̀díẹ̀.

Ó ní, "Ọmọ mi, ìdílé yìí mà pọ̀ o! Èèyàn mọ́kànlélógún ló ti gba pálọ̀ yìí kọjá. Gbogbo wọn kí mi dáadáa, àmọ́ kò sí ẹni tó fún mi lómi mu."

Obìnrin kan tó gbé igi ìdáná rù dúró tì í lẹ́yìn. "Ẹ dákun, bàbá, ẹ yẹ̀ fún mi. Ojú títì lẹ jókòó sí."

Alàgbà sáré dìde. Ṣòkòtò rẹ̀ kọ̀, kò dìde. Fáníìṣì kò tíì gbẹ. Wọ́n fà á, ó dún fàà, ó fi ìdí ṣòkòtò sílẹ̀ lórí àga kápẹ́ńtà. Ó so súwẹ́tà mọ́ ìdí, ó wọ bàtà rẹ̀ padà, wọ́n tẹ̀ síwájú.

Fẹ̀hìntọ́lá bẹ̀ ẹ́. "Bàbá, ẹ jọ̀wọ́, ẹ máa bi mí."

"N óò bi ọ́, tí mo bá rí ohun tí kò dá mi lójú."

Ẹ sún mọ́ bí mo ṣe fẹ́ sọ èyí. Ní ìlú tí a fi pákó kọ́ sórí èérún pákó, ọ̀rọ̀ kan wà tí a kì í fi ṣeré. Àní bí a bá fẹ́ tọrọ ìṣáná lọ́wọ́ aládùúgbò, ohùn jẹ́jẹ́ la fi ń tọrọ rẹ̀. Ní ìkángun ìlú, létí omi, ni Ìyá Sẹ́wànú ti ń yan ẹja nínú àgọ́ páànù kan. Ogójì ọdún ni èéfín ti ń jáde láti gbogbo ihò àgọ́ náà. Ọjọ́ tí èéfín kò bá jáde ni a máa ń sáré lọ wò ó bóyá ara màmá kò yá.

Alàgbà Ṣówándé yọ sí ibẹ̀, ó rí èéfín. Ojú tó fi jẹun fún ọdún márùndínlógójì sì là gbòò.

"Iná o! Iná ń jó o! Ẹ gbà wá o!"

Yé! Ìlú dàrú. Àwọn ìyá ń pọnmọ, wọ́n ń pọn ọmọ ọlọ́mọ. Ọkùnrin kan yọ ilẹ̀kùn ilé rẹ̀, ó gbé e lé orí, ó sá lọ, ó fi ìyàwó rẹ̀ sílẹ̀. Èmi tí mò ń bá yín sọ̀rọ̀ yìí, mo gbé bẹ́ẹ̀dì mi jù sínú ọ̀sà kó má baà jó. Ìgbà tó rì tán ni mo ronú kàn án.

Fẹ̀hìntọ́lá ń pariwo pé, "Kì í ṣe iná o! Ẹja ni!" Ta ló fẹ́ gbọ́?

Alàgbà rí garawa kan tó kún fún omi lẹ́nu ọ̀nà ilé kejì. Omi náà funfun díẹ̀, ṣùgbọ́n ìyẹn kò ká a lára. Ó gbé e, ó sáré, ó da gbogbo rẹ̀ sínú àgọ́. Ṣàà! Ògì ni o. Ògì tí ìyá ológì rẹ fún ọjọ́ mẹ́ta.

Èéfín bẹ̀rẹ̀ sí í já sókè. Ilẹ̀kùn àgọ́ ṣí. Ohun kan jáde wá, ó funfun láti orí dé àyà, ẹ̀mú lọ́wọ́ kan, ẹja lọ́wọ́ kejì, ó ń fi èdè Ègùn sọ ọ̀rọ̀ tí inú mi dùn pé n kò gbọ́.

"Iwin!" ni Alàgbà kígbe. Ó yí padà, ó sá. Ó rí pápá koríko kan níwájú, ó tutù yọ̀yọ̀, ó tẹ́ pẹrẹsẹ. Ó fò sí i.

Koríko ojú omi ni. Orí ọ̀sà ló wà. Gbàlà!

"Mo kú o! Mò ń rì o! Ẹ sọ fún ìyàwó mi pé abẹ́ ìkòkò òdòdó ni kọ́kọ́rọ́ wà!"

Fẹ̀hìntọ́lá dúró létí omi. "Bàbá, ẹ dìde!"

"Mi ò mọ odò wẹ̀!"

"Kò kan odò wíwẹ̀. Ẹ nàró!"

Ó nàró. Omi náà kò dé orúnkún rẹ̀. Bàtà òjò rẹ̀ gan-an ga ju omi lọ.

Gbogbo wa rẹ́rìn-ín, àfi Fẹ̀hìntọ́lá. Ó jókòó lórí pákó, ó ń sunkún. Ẹja Ìyá Sẹ́wànú, àwọ̀n irin mẹ́ta tó kún bámú, tí ọkọ̀ Ẹ̀pẹ́ fẹ́ wá gbé, ti wọ ẹ̀wù ògì. Alàgbà jáde sókè, koríko rọ̀ sí i létí. Ó rí ọmọbìnrin náà. Fún ìgbà àkọ́kọ́ láti àárọ̀, ó béèrè ọ̀rọ̀.

"Ọmọ mi, kí ló ṣẹlẹ̀?"

Fẹ̀hìntọ́lá sọ gbogbo rẹ̀ fún un: ọ̀rọ̀ tí Baálẹ̀ fi dè é, ilé ìwé, ìdajì òrùlé tó kù. Alàgbà bọ́ awò rẹ̀. Ó lọ dọ̀bálẹ̀ níwájú Ìyá Sẹ́wànú nínú èérún pákó.

Ó ní, "Ìyá, ẹ dárí jì mí. Mo rí èéfín, n kò rí yín."

Màmá fi ọwọ́ nu ògì kúrò lójú. "Ṣé ẹ mọ ẹja fọ̀?"

"Ẹ kọ́ mi."

Wọ́n jókòó fọ ẹja náà ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, òun, màmá, àwọn àlejò mẹ́ta, àti ìyá ológì tó ń kùn yùnmùyùnmù. Wọ́n tún iná dá, wọ́n tún ẹja tò. Alàgbà ń yí ẹja nínú èéfín, ó ń wúkọ́, omijé ń ṣàn lẹ́rẹ̀kẹ́ rẹ̀. Ibẹ̀ ni Baálẹ̀ bá wọn.

Baálẹ̀ ní, "Ìyá Sẹ́wànú, ṣé àlejò yìí dójú tì ọ́? Bó bá dójú tì ọ́, ìrìn yìí parí lónìí."

Màmá wo ọkùnrin náà. Ìpẹ́ ẹja wà lára fìlà rẹ̀, ìdí ṣòkòtò rẹ̀ ti ya, ojú rẹ̀ ti pọ́n.

Ó ní, "Baálẹ̀, ẹ wo àwa méjèèjì dáadáa. Ojú ta lẹ rò pé ó tì?"

Ẹ̀rín bú. Baálẹ̀ pàápàá di ikùn mú. Ó ní, "Ohun tí mo sọ ni pé kí àlejò má dójú ti ará ìlú. N kò sọ nǹkan kan nípa àlejò tó dójú ti ara rẹ̀. Fẹ̀hìntọ́lá, máa mú wọn rìn lọ. Ṣùgbọ́n láti òní, máa di ọwọ́ wọn mú."

Inú Fẹ̀hìntọ́lá dùn, ó fò mọ́ Baálẹ̀ lọ́rùn. Ara Alàgbà Ṣówándé náà yá gágá. Ó gbé awò rẹ̀ wọ̀, ó fa ẹ̀wù rẹ̀ tó rẹ, ó ní òun kò ní lọ láìdúpẹ́ tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀ lọ́wọ́ màmá tó forí jì òun. Ó yí padà, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja, ó fi àyà kanlẹ̀.

"Ìyá Sẹ́wànú, ẹ ṣeun o! N kò ní gbàgbé ojú yín láé!"

Ìyá ológì ló dọ̀bálẹ̀ fún. Ìyá Sẹ́wànú dúró sẹ́yìn rẹ̀, ó káwọ́ lérí.

Baálẹ̀ wo ọkùnrin tó nà gbalaja nílẹ̀, ó wo awò tó nípọn bí ìdí ìgò. Ó mi orí, ó sì sọ ọ́ lójú gbogbo wa, kò sí ẹni tó lè já a níyàn: "Àlejò lójú, ṣùgbọ́n kì í fi ríran."