Odó Tí Mo Gbẹ́ fún Ìyá Àṣàkẹ́

Ọjọ́ kan wà tí kò lè kúrò lọ́kàn mi láéláé, bí mo tilẹ̀ ti darúgbó débi pé mo ń ṣi orúkọ àwọn ọmọ-ọmọ mi pè. Ìgbà ogun Ìjàyè ni. Aṣọ òfì ni mo ń hun nígboro Ìbàdàn, mo sì ń fẹ́ Àṣàkẹ́, ọmọ àgbẹ̀ kan lábúlé tó wà lápá Lálúpọn. Bàbá rẹ̀ bẹ̀ wá lọ́wẹ̀ pé kí èmi àti àwọn ẹbí mi wá bá òun kọ ebè.

Nígbà tó ku díẹ̀ kí ọjọ́ pé, ìyá rẹ̀ ní odó àwọn ti là.

Mo dáhùn kíá: "Ẹ má ṣèyọnu, ìyá mi. Èmi fúnra mi ni n ó gbẹ́ òmíràn."

Èmi tí n kò gbẹ́ ìpọn ọbẹ̀ rí!

Mo gbé àáké wọ igbó. Igi àpá ni mo kọ́kọ́ ṣá. Àáké ta padà, apá mi kú. Ibẹ̀ ni mo ti rí igi ahùn kan, tó ga, tó gún régé, tí ewé rẹ̀ tò yí ẹ̀ka ká bí ọmọ tó yí àwo oúnjẹ ká. Mo ṣá a, oje funfun ń ro tótó, àáké sì wọlé bí ọ̀bẹ tó wọ iṣu sísè. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í kọrin. Mo ní àṣé irọ́ làwọn agbẹ́gi ń pa tí wọ́n ní iṣẹ́ wọn le.

Nígbà tí mo gbẹ́ ẹ tán, mo dá odó náà rù délé wọn. Àṣàkẹ́ yọjú lẹ́yìn ògiri.

"Odó yìí mà fúyẹ́ o."

"Agbára mi ni," ni mo wí.

Lọ́jọ́ ọ̀wẹ̀, bí wọ́n ti ń gún iyán ni odó ń fò káàkiri àgbàlá. Mo jókòó sílẹ̀, mo fi ẹsẹ̀ méjèèjì dì í mú níwájú àwọn àna mi. Àwo iyán àkọ́kọ́ jáde. Bàbá mi fi òkèlè kan sẹ́nu, ojú rẹ̀ yí padà.

"Ṣé ewúro lẹ gún mọ́ ọn ni?"

Kí ẹnikẹ́ni tó dáhùn, ọmọ odó dá ìdí odó lu, ó gún ilẹ̀, iyán sì dà sáàárín ẹsẹ̀ mi. Àwọn adìẹ sáré dé.

"Igi wo lo gbẹ́?" ni bàbá mi bi mí.

"Ahùn ni, Bàbá."

Ìyá Àṣàkẹ́ pàtẹ́wọ́. "Háà! Igi tí a fi èèpo rẹ̀ se àgbo ibà! Ó dára náà, ibà kò ní mú ẹnikẹ́ni lábúlé yìí lọ́dún yìí."

Gbogbo ilé bú sẹ́rìn-ín, àfi bàbá mi. Ojú tì í, ó dìde pé ká máa lọ, pé ọmọ òun kò tíì tó ọkọ. Àṣàkẹ́, tó yẹ kó máa sá fún wa gẹ́gẹ́ bí àfẹ́sọ́nà, ló jáde síta, ó kúnlẹ̀.

"Ẹ jọ̀ọ́, Bàbá, ẹ jẹ́ kó tún un gbẹ́. Bí ẹ bá mú un lọ, ta ni yóò máa pa wá lẹ́rìn-ín?"

Bàbá mi padà jókòó. Iṣu sísun la jẹ lọ́jọ́ náà. Mo padà sídìí àpá, ọwọ́ mi sì bó kí n tó gbẹ́ ẹ tán. Mo wá mọ̀ pé igi tó bá tètè gbọ́ràn sí àáké lẹ́nu, kò lè dúró de ọmọ odó.

Nígbà tí Àṣàkẹ́ wà láyé, bí àlejò bá ti jókòó sídìí iyán, yóò ní, "Ẹ máa jẹun, odó tí a fi gún un kọ́ lọkọ mi kọ́kọ́ gbẹ́." Mo máa ń bínú nígbà náà. Ní báyìí, èmi ni mò ń bá a sọ ọ́ fún àlejò, mo sì ń rẹ́rìn-ín ṣáájú wọn.